Orí Kẹfà: Sol Plaatje, Ògbufọ̀ Tó Gbé Ẹjọ́ Ilẹ̀ Lọ sí Ìlú Ọba

Ọdún 1918 ni wọ́n bí Nelson Mandela. Kó tó dáyé, ọkùnrin kan wà ní ìlú Kimberley, ní Gúúsù Áfíríkà, tó ti ṣe olóòtú ìwé ìròyìn mẹ́ta. Òun ni akọ̀wé àgbà àkọ́kọ́ fún ẹgbẹ́ òṣèlú tí Mandela wá di olórí rẹ̀ nígbẹ̀yìn. Ó ti wọ ọkọ̀ ojú omi lọ rojọ́ níwájú ìjọba Gẹ̀ẹ́sì ní Lọ́ńdọ̀nù, ó sì ti kọ odindi ìwé kan láti tako òfin tó gba ilẹ̀ lọ́wọ́ àwọn ènìyàn rẹ̀. Solomon Tshekisho Plaatje lorúkọ rẹ̀, Sol ni wọ́n sì sábà máa ń pè é. Ọ̀pọ̀ akẹ́kọ̀ọ́ tó lè ka ìtàn Mandela láìwo ìwé ni kò gbọ́ orúkọ yìí rí. Ìdí tí a fi ya orí kan sọ́tọ̀ fún un nìyẹn.

Àwọn tó kọ̀wé nípa rẹ̀ máa ń pín in sí méjì: olóṣèlú lápá kan, òǹkọ̀wé lápá kejì. Lójú tiwa, iṣẹ́ kan ṣoṣo ni Plaatje fi gbogbo ọjọ́ ayé rẹ̀ ṣe. Ògbufọ̀ ni. Láti ìgbà èwe ló ti wà láàárín àwọn ènìyàn tí kò gbọ́ èdè ara wọn, ó sì gbà gbọ́ pé bí a bá gbé ọ̀rọ̀ ẹni tí wọ́n ń rẹ́ jẹ débi tí alágbára á ti gbọ́ ọ yékéyéké, ìdájọ́ òdodo kò ní jìnnà. Bí ìgbàgbọ́ yìí ṣe gbé e dé Lọ́ńdọ̀nù, àti ohun tójú rẹ̀ rí níbẹ̀, ni a fẹ́ tọpa nínú orí yìí.

Ọmọ Pniel

Ọjọ́ 9 oṣù Kẹwàá ọdún 1876 ni wọ́n bí i, nínú oko kan tó ń jẹ́ Doornfontein, nítòsí ìlú Boshof, ní Orange Free State. Àwọn Bóà, ìyẹn àwọn òyìnbó tí baba ńlá wọn ti ilẹ̀ Họ́láǹdì wá, ló ń ṣèjọba lórí ilẹ̀ náà nígbà yẹn. Ọmọ Barolong làwọn òbí rẹ̀, ọ̀kan lára àwọn ẹ̀yà tó ń sọ èdè Setswana. Ó ṣì kéré gan-an nígbà tí wọ́n kó lọ sí Pniel lẹ́bàá odò Vaal, níbi tí àwọn míṣọ́nnárì ìjọ Luther láti ìlú Berlin ní Jámánì ti ní ilẹ̀, ṣọ́ọ̀ṣì àti ilé ẹ̀kọ́.

Ibi tí ènìyàn ti lè gbọ́ oríṣiríṣi èdè kí ilẹ̀ tó ṣú ni Pniel. Setswana ni wọ́n ń sọ nínú ilé Plaatje, àwọn ìyá àgbà sì ń fi í sọ ìtàn ogun àti ti àwọn ọba Barolong fún un. Àwọn míṣọ́nnárì ń sọ èdè Jámánì láàárín ara wọn. Èdè Dutch ni ti àwọn Bóà tó wà nínú oko àyíká, àwọn ẹ̀yà Koranna náà sì ní tiwọn. Ìyàwó Àlùfáà Ernst Westphal rí i pé orí ọmọ náà pé, ó sì fún un ní ẹ̀kọ́ Gẹ̀ẹ́sì àti orin lẹ́yìn tí ilé ìwé bá ti parí. Ẹ̀kọ́ tó kà nínú kíláàsì kò kọjá ìwọ̀nba tí wọ́n ń kọ́ àwọn ọmọdé. Àmọ́ nígbà tó fi máa dàgbà, kò dín ní èdè méje tó ń gbọ́, nínú Áfíríkà àti ti òyìnbó.

Lọ́dún 1894, ó gba iṣẹ́ ìránṣẹ́ ní ilé ìfìwéránṣẹ́ Kimberley, ìlú tí wọ́n ti ń wa dáyámọ́ǹdì. Owó dáyámọ́ǹdì ti kó oríṣiríṣi ènìyàn jọ síbẹ̀. Àwọn ọ̀dọ́ aláwọ̀ dúdú tó kàwé ní ẹgbẹ́ tí wọ́n ti ń jíròrò, tí wọ́n ń kọrin, tí wọ́n sì ń ka ìwé sétí ara wọn. Ní Kimberley ni Plaatje ti kọ́kọ́ wo eré Shakespeare lórí ìtàgé. Ibẹ̀ náà ló ti pàdé Elizabeth M'belle, àbúrò ọ̀rẹ́ rẹ̀ Isaiah Bud-M'belle, tó jẹ́ ògbufọ̀ ní kóòtù gíga. Ọmọ Xhosa ni Elizabeth, Setswana sì ni Plaatje ń sọ, nítorí náà Gẹ̀ẹ́sì ni wọ́n fi ń kọ lẹ́tà ìfẹ́ síra wọn. Ìdílé méjèèjì kò fẹ́ kí ọmọ wọn fẹ́ ẹ̀yà mìíràn. Àwọn méjèèjì ṣe ìgbéyàwó náà lọ́dún 1898 lójú àtakò wọn, àwọn ẹbí sì gbà níkẹyìn.

Kóòtù Mafeking

Ọdún yẹn kan náà ni Plaatje di ògbufọ̀ kóòtù ní Mafeking, ìlú kékeré kan nítòsí ààlà ilẹ̀ Bechuanaland tí à ń pè ní Botswana lónìí. Ó yẹ ká dúró díẹ̀ lórí iṣẹ́ yìí, nítorí ibẹ̀ ni ọgbọ́n tó lò títí ayé rẹ̀ ti wá.

Ní irú kóòtù bẹ́ẹ̀, ẹni tí wọ́n fẹ̀sùn kàn lè máa sọ Setswana, kí ẹlẹ́rìí máa sọ Dutch, kí adájọ́ má sì gbọ́ ju Gẹ̀ẹ́sì lọ. Gbogbo ohun tí adájọ́ máa mọ̀ nípa ẹ̀sùn náà, ẹnu ògbufọ̀ ló ti máa gbọ́ ọ. Bí ògbufọ̀ bá fo ọ̀rọ̀ kan, tàbí tó sọ ọ́ le ju bí ẹlẹ́rìí ṣe sọ ọ́, aláìmọwọ́mẹsẹ̀ lè ti ibẹ̀ wọ ẹ̀wọ̀n. Plaatje rí àwọn kóòtù tó jẹ́ pé ẹnikẹ́ni tó bá wà nítòsí ni wọ́n ń pè kó wá túmọ̀, èyí sì bí i nínú gidigidi. Lọ́dún 1909 ó kọ àròkọ kan lórí ohun tó yẹ kí ògbufọ̀ kóòtù jẹ́. Ọ̀rọ̀ rẹ̀ níbẹ̀ kò yí padà títí dópin: kò sí bí ẹjọ́ ṣe lè tọ́ bí èdè tí wọ́n fi dá a kò bá tọ́. Òun fúnra rẹ̀ kò fi iṣẹ́ náà ṣeré. Ó dá kẹ́kọ̀ọ́ fún ìdánwò àwọn òṣìṣẹ́ ìjọba Cape, ilẹ̀ Gẹ̀ẹ́sì tí Mafeking wà nínú rẹ̀, òun ló sì gba máàkì tó ga jù lọ nínú èdè Dutch àti nínú títẹ ìwé lórí ẹ̀rọ.

Ní oṣù Kẹwàá 1899, ogun bẹ́ sílẹ̀ láàárín Gẹ̀ẹ́sì àti Bóà, àwọn Bóà sì yí Mafeking ká. Ọjọ́ 217 ni wọ́n fi dó ti ìlú náà, títí di oṣù Karùn-ún 1900. Ìwé ìtàn Gẹ̀ẹ́sì ti yin Baden-Powell, ọ̀gágun tó ṣọ́ ìlú náà, títí ó fi súni. Ṣùgbọ́n ìlú méjì ló wà nínú Mafeking: ti àwọn òyìnbó, àti ti àwọn Barolong ní ẹ̀gbẹ́ rẹ̀. Plaatje, tó jẹ́ ọmọ ọdún mẹ́tàlélógún, ń ṣiṣẹ́ ní kóòtù lójú àgbá, ó ń bá àwọn akọ̀ròyìn òyìnbó tẹ ìwé, ó sì ń kọ ohun tó ń rí sínú ìwé àkọsílẹ̀ tirẹ̀. Nínú rẹ̀ ni a ti rí àwọn Barolong tó ń ṣọ́ odi ìlú, àwọn tó ń gba àárín ọ̀tá kọjá lóru láti lọ kó màlúù wálé, àti àwọn òtòṣì tí ebi fẹ́rẹ̀ẹ́ pa kú, tí wọ́n ń mu ọbẹ̀ ẹran ẹṣin nígbà tí oúnjẹ àwọn òyìnbó kò tíì tán. Kò tẹ ìwé yìí jáde nígbà ayé rẹ̀. Ọwọ́ ẹbí rẹ̀ ni onímọ̀ ẹ̀dá ènìyàn kan, John Comaroff, ti rí i ní nǹkan bí àádọ́rin ọdún lẹ́yìn náà, wọ́n sì tẹ̀ ẹ́ jáde lọ́dún 1973. Nínú gbogbo àkọsílẹ̀ ojoojúmọ́ tí a mọ̀ nípa ìdótì Mafeking, òun nìkan ló ti ọwọ́ aláwọ̀ dúdú wá.

Àwọn Barolong rò pé bí Gẹ̀ẹ́sì bá ṣẹ́gun, àwọn á jèrè ìdúróṣinṣin wọn. Àdéhùn tó parí ogun náà lọ́dún 1902 sọ pé a ò ní fọwọ́ kan ọ̀rọ̀ ìbò àwọn aláwọ̀ dúdú títí àwọn Bóà yóò fi gba ìjọba ara wọn padà. Ìtumọ̀ èyí ni pé àwọn tí kò fẹ́ kí wọ́n dìbò ni wọ́n fi ọ̀rọ̀ náà sí lọ́wọ́.

Plaatje fi iṣẹ́ ìjọba sílẹ̀ lọ ṣe ìwé ìròyìn. Koranta ea Becoana ni àkọ́kọ́, tí Silas Molema, ìjòyè Barolong kan, fi owó rẹ̀ tì lẹ́yìn ní Mafeking. Tsala ea Becoana tẹ̀ lé e ní Kimberley lọ́dún 1910, òun ló sì di Tsala ea Batho lọ́dún 1912. Setswana àti Gẹ̀ẹ́sì ni wọ́n ń lò nínú wọn. Gbèsè kò fi wọ́n sílẹ̀ rárá. Síbẹ̀, ará abúlé tí kò gbọ́ Gẹ̀ẹ́sì ń ti inú wọn mọ òfin tí ìjọba fẹ́ ṣe, òṣìṣẹ́ ìjọba tí kò gbọ́ Setswana náà sì ń ti inú wọn mọ ohun tí ará abúlé ń sọ. Plaatje bọ̀wọ̀ fún iṣẹ́ ìtẹ̀wé débi pé ó sọ ọ̀kan nínú àwọn ọmọkùnrin rẹ̀ ní Johannes Gutenberg. Ọmọ náà kò pẹ́ láyé.

Òfin Ilẹ̀ ti 1913

Ní ọjọ́ 8 oṣù Kìn-ín-ní 1912, àwọn ọba, àlùfáà, agbẹjọ́rò, olùkọ́ àti oníwèé ìròyìn láti gbogbo ìpínlẹ̀ pàdé ní Bloemfontein, wọ́n sì dá ẹgbẹ́ kan sílẹ̀ tí yóò sọ̀rọ̀ fún gbogbo aláwọ̀ dúdú láìka ẹ̀yà sí. Ẹgbẹ́ yìí ló yí orúkọ padà sí African National Congress, ANC, lọ́dún 1923. Wọ́n fi John Dube jẹ ààrẹ, Pixley ka Isaka Seme di akápò, Plaatje sì di akọ̀wé àgbà. Ẹgbẹ́ náà kò tíì pé ọdún méjì tí ìjà tó ga jù lọ fi kàn án.

Òfin Ilẹ̀ tó bẹ̀rẹ̀ iṣẹ́ ní ọjọ́ 19 oṣù Kẹfà 1913 kò gùn, ó sì rọrùn láti kà. Ó ya àwọn ilẹ̀ kan sọ́tọ̀ fún aláwọ̀ dúdú, nǹkan bí ìdá 7 nínú 100 gbogbo ilẹ̀ orílẹ̀-èdè náà. Níta àwọn ilẹ̀ wọ̀nyí, aláwọ̀ dúdú kò gbọdọ̀ ra ilẹ̀ lọ́wọ́ òyìnbó mọ́, kò sì gbọdọ̀ yá a. Ẹ rántí pé àwọn aláwọ̀ dúdú lé ní mílíọ̀nù mẹ́rin nígbà náà, àwọn òyìnbó kò sì ju mílíọ̀nù kan àti díẹ̀ lọ.

Bí a bá fẹ́ mọ bí òfin yìí ṣe ń pani lára, ẹ jẹ́ ká wo Orange Free State. Kó tó dé, ọ̀pọ̀ ìdílé aláwọ̀ dúdú níbẹ̀ ń dáko lórí ilẹ̀ òyìnbó. Òyìnbó ló ni ilẹ̀, ṣùgbọ́n aláwọ̀ dúdú ló ń mú màlúù tó ń fa ohun ìtúlẹ̀ wá, òun ló ń pèsè irúgbìn, òun àti ìyàwó àtàwọn ọmọ rẹ̀ ló ń ṣiṣẹ́ oko. Bí ìkórè bá dé, wọ́n á pín in sí ọgbọọgba. Àwọn kan ti ti ibẹ̀ lówó lọ́wọ́, tí wọ́n ní agbo màlúù àti àgùntàn, tí wọ́n sì ń rán ọmọ lọ sílé ìwé. Ohun tí òfin náà fòpin sí gan-an nìyí. Láti ọjọ́ yẹn, ẹni tó bá fẹ́ dúró lórí ilẹ̀ òyìnbó gbọ́dọ̀ di ọmọ ọ̀dọ̀ rẹ̀. Ó gbọ́dọ̀ fi màlúù rẹ̀ ṣiṣẹ́ fún un, ìyàwó rẹ̀ náà á sì máa ṣiṣẹ́, fún owó oṣù tí kò tó nǹkan. Bí kò bá gbà, kó kó ẹran rẹ̀ jáde. Òyìnbó tó bá ṣàánú tó fẹ́ kí àdéhùn àtijọ́ máa bá a lọ náà kò bọ́: ìtanràn tó lè tó 100 pọ́n-ùn tàbí ẹ̀wọ̀n oṣù mẹ́fà wà níbẹ̀ fún ẹni tó bá tàpá sí òfin.

Ibo ni ẹni tí wọ́n lé yóò wá kó ẹran rẹ̀ sí? Kò lè yá ilẹ̀ mìíràn, kò lè rà á, ilẹ̀ tí wọ́n yà sọ́tọ̀ sì ti kún. Ẹran kò sì lè dúró lójú ọ̀nà kó má jẹun, bẹ́ẹ̀ ni gbogbo koríko ẹ̀bá ọ̀nà ló lólówó. Ìdílé tó bá rìn fún ọ̀sẹ̀ díẹ̀ bẹ́ẹ̀ á ta ẹran rẹ̀ ní owó pọ́ọ́kú, ẹran yòókù á kú, ìdílé náà á sì di alágbàṣe. Èrò tiwa ni pé ohun tí àwọn tó ṣe òfin náà ń wá gan-an nìyẹn. Àwọn àgbẹ̀ òyìnbó ń fẹ́ òṣìṣẹ́ olówó pọ́ọ́kú, aláwọ̀ dúdú tó bá sì lè dáko jẹun fúnra rẹ̀ kò ní í ṣiṣẹ́ fún wọn.

Plaatje gun kẹ̀kẹ́ rẹ̀ lọ́dún náà, ó wọ Free State lọ láti lọ fojú ara rẹ̀ rí i. Oṣù Keje ni, ìgbà òtútù lápá ibẹ̀. Gbogbo ọ̀nà tó gbà ló ti ń pàdé àwọn ìdílé tó ń da ẹran síwájú, tí wọ́n di ẹrù sórí kẹ̀kẹ́ màlúù, tí wọn kò mọ ibi tí wọ́n ń lọ. Ó ń dá wọn dúró, ó ń bi wọ́n léèrè ibi tí wọ́n ti ń bọ̀, irú ẹran tí wọ́n ní, ohun tí ọ̀gá wọn sọ fún wọn, ó sì ń kọ ọ́ sílẹ̀. Ọgbọ́n kóòtù nìyẹn: kí a jẹ́ kí ẹlẹ́rìí sọ tẹnu rẹ̀.

Ìtàn ìdílé Kgobadi wà nínú ohun tó kọ. Nígbà tí wọ́n lé wọn jáde, ọmọ wọn kékeré ń ṣàìsàn, àwọn ewúrẹ́ wọn sì wà nínú oyún. Àwọn ewúrẹ́ ń bímọ lójú ọ̀nà, wọ́n sì ń fi ọmọ wọn sílẹ̀ níbẹ̀. Ọmọ ènìyàn náà kú nínú ìrìn àjò yẹn. Àwọn òbí rẹ̀ kò ní ilẹ̀ tí wọ́n lè sin ín sí, nítorí gbogbo ibi tí ojú wọn tó ni wọ́n ti ṣòfin pé wọn kò ní ẹ̀tọ́ sí. Òru ni wọ́n gbẹ́ ilẹ̀ onílẹ̀, wọ́n yára sin ọmọ wọn síbẹ̀ kí ẹni tó ni ín má baà ká wọn mọ́ ọn, wọ́n sì ń bá ọ̀nà lọ. Plaatje mọ bí ó ṣe rí láti pàdánù ọmọ. Ẹni tó bá ka ibẹ̀ yóò rí i pé, fún ìgbà díẹ̀, ọ̀rọ̀ fẹ́ tán lẹ́nu ọkùnrin tó mọ̀ ọ́n kọ tó bẹ́ẹ̀.

Ọdún yẹn kan náà ni àwọn obìnrin Bloemfontein kọ̀ láti máa gbé ìwé àṣẹ ìrìn kiri tí ìjọba fi dandan lé wọn lórí, tí ọ̀pọ̀ wọn sì yàn láti lọ sẹ́wọ̀n ju kí wọ́n san ìtanràn lọ. Ìwé ìròyìn Plaatje kò fi ọ̀rọ̀ wọn ṣeré. Ó ń tẹ̀ lé e lọ́sọ̀ọ̀sẹ̀.

Lọ́ńdọ̀nù

Ẹgbẹ́ náà gbà pé ọba Gẹ̀ẹ́sì ṣì ní ọ̀rọ̀ láti sọ lórí Gúúsù Áfíríkà. Lọ́dún 1914 wọ́n rán ènìyàn márùn-ún lọ: Dube, Plaatje, Walter Rubusana, Saul Msane àti Thomas Mapikela. Lewis Harcourt, mínísítà tó ń bójú tó àwọn ilẹ̀ tó wà lábẹ́ Gẹ̀ẹ́sì, gbà wọ́n lálejò, kò sì ṣe nǹkan kan. Gẹ̀ẹ́sì wọ Ogun Àgbáyé Kìn-ín-ní lóṣù Kẹjọ. Àwọn yòókù padà sílé. Plaatje dúró, ó sì lò ju ọdún méjì lọ níbẹ̀ kó tó fojú kan ìyàwó àtàwọn ọmọ rẹ̀.

Ohun tó dá a dúró ni ìwé. Láti inú ọkọ̀ ojú omi tó gbé e wá ló ti bẹ̀rẹ̀ sí í kọ ọ́. Lọ́dún 1916 ló jáde, Native Life in South Africa lorúkọ rẹ̀. Òfin náà wà nínú rẹ̀ lẹ́sẹẹsẹ, àríyànjiyàn ilé aṣòfin wà níbẹ̀, ẹ̀rí àwọn ará ojú ọ̀nà Free State sì wà níbẹ̀, wọ́n kó gbogbo rẹ̀ síwájú òǹkàwé Gẹ̀ẹ́sì bí ìgbà tí wọ́n ń ro ẹjọ́ níwájú ìgbìmọ̀ àwọn adájọ́. Kí ìwé yìí tó rí ojú ayé, ojú òǹkọ̀wé rẹ̀ rí màbo. Gbèsè owó ìtẹ̀wé, owó ilé àti owó oúnjẹ wà lọ́rùn rẹ̀. Àwọn obìnrin kan dúró tì í gbágbáágbá, lára wọn Alice Werner, ọ̀mọ̀wé èdè Áfíríkà, Georgiana Solomon àti Jane Cobden Unwin. Àtakò tó sì ṣòro jù láti gbà ni ti John Harris, akọ̀wé ẹgbẹ́ tó ń gbèjà àwọn ẹrú àti ọmọ ìbílẹ̀. Harris fara mọ́ ìlànà pípín ilẹ̀ láàárín dúdú àti funfun, ó sì gbìyànjú láti má ṣe jẹ́ kí ohùn Plaatje jáde. Àwọn ọ̀rẹ́ aláwọ̀ dúdú máa ń wà tó jẹ́ pé bí aláwọ̀ dúdú bá ti fẹ́ la ẹnu tirẹ̀, ọ̀rẹ́ ti parí. Plaatje kò jẹ́ kí ó dá a dúró. Láti ṣọ́ọ̀ṣì dé ṣọ́ọ̀ṣì, láti ìpàdé dé ìpàdé, ló ń sọ̀rọ̀, tó sì ń ta ìwé rẹ̀.

Ó padà lọ sí Lọ́ńdọ̀nù ní 1919 pẹ̀lú àwọn aṣojú kejì. Lóṣù Kọkànlá ọdún náà, Lloyd George, olórí ìjọba Gẹ̀ẹ́sì fúnra rẹ̀, jókòó gbọ́ wọn. Plaatje sọ̀rọ̀ débi tó wọ ọkùnrin náà lára. Lloyd George kọ̀wé sí Jan Smuts, olórí ìjọba Gúúsù Áfíríkà, pé kó wo ọ̀rọ̀ àwọn ènìyàn wọ̀nyí. Smuts fọwọ́ rọ́ ọ sẹ́yìn. Ibẹ̀ ni ọ̀rọ̀ parí sí.

Àwọn kan ti fi èyí bu Plaatje lẹ́yìn ikú rẹ̀, pé ó fọkàn tán Gẹ̀ẹ́sì jù. Òtítọ́ wà níbẹ̀. Ọmọ ilẹ̀ Cape ni nínú èrò, níbi tí aláwọ̀ dúdú tó kàwé tó sì lówó díẹ̀ ti lè dìbò, ó sì rò pé òfin Cape lè di òfin gbogbo orílẹ̀-èdè náà. Àmọ́ ẹ jẹ́ ká wo ohun tó ṣẹlẹ̀ lọ́jọ́ yẹn dáadáa. Ògbufọ̀ ṣe iṣẹ́ rẹ̀ pé. Adájọ́ gbọ́ gbogbo ọ̀rọ̀, ó yé e, ó sì gbà pé ìyà ń jẹ olùpẹ̀jọ́. Lẹ́yìn náà, adájọ́ kò ṣe nǹkan kan. Láti ọjọ́ iṣẹ́ rẹ̀ ní Mafeking ni Plaatje ti ń rò pé àìgbọ́ ló ń bí ìrẹ́nijẹ. Lọ́ńdọ̀nù kọ́ ọ pé alágbára lè gbọ́ kó sì jókòó sí àyè rẹ̀.

Ó gba ibẹ̀ lọ sí Kánádà àti Amẹ́ríkà láàárín 1920 sí 1922, níbi tó ti pàdé àwọn aṣáájú aláwọ̀ dúdú bíi W. E. B. Du Bois àti Marcus Garvey, tó sì bá àwọn aláwọ̀ dúdú ibẹ̀ sọ̀rọ̀ nínú àwọn ìjọ wọn. Ó wà lókè òkun nígbà tí Olive ọmọbìnrin rẹ̀ kú lọ́dún 1921. Kò sí níbẹ̀ láti sin ín. Ìtàn àròsọ rẹ̀ Mhudi ló fi ṣe ìrántí fún un.

Iṣẹ́ èdè

Plaatje kò jáwọ́ nínú òṣèlú nígbà tó padà sílé ní 1923. Ṣùgbọ́n agbára rẹ̀ ń lọ púpọ̀ sí i sí ọ̀dọ̀ àwọn tirẹ̀, sí èdè Setswana. Ó ti fi ìpìlẹ̀ iṣẹ́ yìí lélẹ̀ ní Lọ́ńdọ̀nù láàárín ìyà àti gbèsè. Lọ́dún 1916 kan náà tí ìwé ilẹ̀ jáde, ó tẹ àkójọ òwe Setswana tí iye rẹ̀ jẹ́ 732, ọ̀kọ̀ọ̀kan pẹ̀lú ìtumọ̀ rẹ̀ àti òwe àwọn òyìnbó tó bá a mu. Ó ń bẹ̀rù pé àwọn ọmọ tó ń dàgbà nínú ilé ìwé míṣọ́nnárì àti nínú ìlú dáyámọ́ǹdì kò ní gbọ́ òwe wọ̀nyí mọ́ lẹ́nu àgbà.

Ọdún yẹn náà ló bá Daniel Jones, gbajúmọ̀ onímọ̀ ìró èdè ní University College, ṣe ìwé kíkà Setswana tó fi bí a ṣe ń pe ọ̀rọ̀ hàn. Ibí yìí yẹ kó wọ ẹni tó ń sọ Yorùbá lára. Setswana náà jẹ́ èdè olóhùn. Àwọn míṣọ́nnárì tó kọ́kọ́ kọ ọ́ sílẹ̀ kò fi àmì ohùn sí i, òǹkàwé ni yóò fúnra rẹ̀ mọ bí yóò ṣe pè é. Plaatje jókòó ti Jones, ó ń pe ọ̀rọ̀ kọ̀ọ̀kan fún un, ó ń tún un pè, títí tí ohùn gbogbo fi wà lórí ìwé. Nígbà tí àwọn ọ̀jọ̀gbọ́n òyìnbó wá ń ṣe ìgbìmọ̀ ní àwọn ọdún 1920 láti pinnu bí wọn yóò ṣe máa kọ Setswana, ó ta kò wọ́n kíkankíkan. Ohun tó bí i nínú ni pé àwọn tí kì í sọ èdè náà ń ṣòfin lórí rẹ̀ láìbi àwọn tó ni ín.

Ó tún túmọ̀ àwọn eré Shakespeare sí Setswana. The Comedy of Errors jáde lọ́dún 1930 pẹ̀lú orúkọ Diphosho-phosho. Julius Caesar jáde ní 1937, lẹ́yìn ikú rẹ̀. Àwọn mìíràn tó túmọ̀ sọnù, nítorí kò rí ẹni tó máa tẹ̀ wọ́n. Ó fẹ́ fi hàn pé kò sí èrò tí Setswana kò lè gbé, bó ti wù kó jinlẹ̀ tó.

Mhudi náà jáde ní 1930, bó tilẹ̀ jẹ́ pé nǹkan bí ọdún mẹ́wàá ṣáájú ló ti kọ ọ́. Ó wà lára àwọn ìtàn àròsọ Gẹ̀ẹ́sì àkọ́kọ́ tí aláwọ̀ dúdú Gúúsù Áfíríkà kọ. Ogun àwọn ọdún 1830 ló dá lé, nígbà tí àwọn ọmọ ogun Mzilikazi, ọba àwọn Matabele, pa ìlú àwọn Barolong run lẹ́yìn tí ọba Barolong pa àwọn tó wá gba owó òde. Àwọn òyìnbó ti kọ ìtàn ogun yìí nígbà púpọ̀, bí ẹni pé ilẹ̀ náà ṣófo kí àwọn Bóà tó dé. Plaatje tún un sọ láti ẹnu Barolong, láti inú ìtàn tí àwọn ìyá àgbà ń sọ fún un ní Pniel. Ó sì fi obìnrin kan ṣe akọni rẹ̀. Mhudi gbọ́n ju ọkọ rẹ̀ lọ, ó láyà jù ú lọ, òun ló sì kọ́kọ́ fura sí àwọn Bóà tí ọkọ rẹ̀ ń bá ṣọ̀rẹ́. Lápá ìparí, Mzilikazi tí wọ́n ṣẹ́gun sọ ohun tí àwọn Bóà yóò fi san án fún àwọn tó dara pọ̀ mọ́ wọn jagun. Ẹni tó bá ti ka Òfin Ilẹ̀ mọ̀ pé ó ti ṣẹ.

Ní 1923, kó tó kúrò ní Lọ́ńdọ̀nù, ó ti kọ orin Nkosi Sikelel' iAfrika, èyí tí Enoch Sontonga ṣe, sínú àwo rẹ́kọ́ọ̀dù. Òun ni rẹ́kọ́ọ̀dù orin náà tó pẹ́ jù lọ tí a mọ̀. Ó sì gbé ẹ̀rọ sinimá kan dé, tó ń gbé kiri àwọn ilé ẹ̀kọ́ àti abúlé láti fi han àwọn ọmọdé bí àwọn aláwọ̀ dúdú Amẹ́ríkà ṣe ń kàwé.

Ikú rẹ̀, àti ọjọ́ 19 oṣù Kẹfà

Àrùn ẹ̀dọ̀fóró ló pa Plaatje ní Pimville, Johannesburg, ní ọjọ́ 19 oṣù Kẹfà 1932. Ọmọ ọdún márùndínlọ́gọ́ta ni. Ọjọ́ náà pé ọdún mọ́kàndínlógún géérégé tí Òfin Ilẹ̀ bẹ̀rẹ̀ iṣẹ́. Kimberley ni wọ́n sin ín sí. Kò fi ọrọ̀ kankan sílẹ̀, wọ́n sì gbàgbé rẹ̀ fún ìgbà pípẹ́. Lónìí, ilé rẹ̀ ní Angel Street ti di ilé ìṣẹ̀ǹbáyé, ìjọba ìbílẹ̀ Kimberley ń jẹ́ orúkọ rẹ̀, Yunifásítì Sol Plaatje sì ṣílẹ̀kùn níbẹ̀ lọ́dún 2014.

Ọdún 1991 ni wọ́n tó fagi lé Òfin Ilẹ̀. Nígbà tí orílẹ̀-èdè tuntun náà kọ òfin ìpìlẹ̀ rẹ̀ lọ́dún 1996, wọ́n ní láti pinnu iye ọdún tí ẹni tí wọ́n gba ilẹ̀ rẹ̀ lè padà sẹ́yìn dé láti béèrè fún un. Ọjọ́ tí wọ́n mú ni 19 oṣù Kẹfà 1913. Ẹni tí wọ́n gba ilẹ̀ lọ́wọ́ ìdílé rẹ̀ lẹ́yìn ọjọ́ yẹn nítorí àwọ̀ ara ni wọ́n fún láyè láti gbé ẹjọ́ rẹ̀ lọ. Ọ̀pọ̀ ìdílé ti gbé e lọ. Ọ̀pọ̀ nínú àwọn ẹjọ́ náà ni wọn kò tíì parí.

Fún ìjíròrò nínú kíláàsì

1. Ṣàlàyé bí Òfin Ilẹ̀ ti 1913 ṣe sọ àgbẹ̀ tó ní ẹran di alágbàṣe. Lo ohun tí Plaatje rí ní Free State láti gbe àlàyé rẹ lẹ́yìn.

2. Ṣé Plaatje ṣàṣìṣe nígbà tó gbé ẹjọ́ lọ sí Lọ́ńdọ̀nù? Kọ ìdáhùn rẹ lójú ìwé méjì. Rí i pé o sọ ọ̀nà mìíràn tó ṣí sílẹ̀ fún ẹgbẹ́ náà ní 1914, bó bá wà.

3. Kó òwe ogún jọ lẹ́nu àgbà kan ní àdúgbò rẹ, pàápàá àwọn tí o kò gbọ́ rí. Kọ ìgbà tí wọ́n ń pa ọ̀kọ̀ọ̀kan, sì fi àmì ohùn sí wọn.